Yàrá Iyọ̀

Wàrà màlúù ni bàbá mi ń fún,
Okko Harberts, ọmọ Hilkenwarf,
kí iléeṣẹ́ tó dé, tí wọ́n ní iyọ̀ ń bẹ lábẹ́ pápá wa,
iyọ̀ òkun kan tó ti kú
kí ẹnikẹ́ni tó ní orúkọ.
Ó ga bí òkè, wọ́n ní, òkè tó gbàgbé láti yọrí.
Wọ́n gba bàbá mi síṣẹ́ omi.

Iṣẹ́ náà ò le lójú ẹni tó ń wò ó.
Ẹ ti páìpù bọlẹ̀, ẹgbẹ̀rún míítà àti jù bẹ́ẹ̀ lọ,
ẹ da omi sí i.
Omi bá iyọ̀ sọ̀rọ̀, iyọ̀ gbọ́, iyọ̀ yọ́,
àwa lókè ń yọ̀ pé iyọ̀ yọ́.
Omi iyọ̀ gòkè wá, a dà á padà sókun
bí ẹni san gbèsè bàbá bàbá rẹ̀.
Ọdún méjì àbọ̀, tọ̀sán tòru,
títí ihò náà fi gba ṣọ́ọ̀ṣì mẹ́ta lórí ara wọn,
tòun tagogo wọn.
Ẹnìkan ò rí i rí.
Bàbá mi tó gbẹ́ ẹ ò rí i rí.
Ìró ni wọ́n ń rán wọlé lọ wọ̀n ọ́n,
bí afọ́jú ṣe ń fi ọ̀pá bi ọ̀nà.

Ibẹ̀ la ń fi gáàsì pamọ́ sí.
Láti Nọ́wè ló ti ń bọ̀, inú irin, lábẹ́ òkun,
kò rí ẹja, ẹja ò rí i,
ó wọ ilẹ̀ wa láì kanlẹ̀kùn.
Nígbà oòrùn, tí kò sẹ́ni tó ń bèèrè iná,
èmi Fenna ni mo máa ń dúró ti ẹ̀rọ,
à ń kì í bọ inú iyọ̀, à ń kì í, à ń kì í,
bí wọ́n ṣe ń ki òwú bọ tìmùtìmù.
Tó bá di oṣù kìíní ọdún, tí odò dì bí àwo,
tí ọmọ ọwọ́ kan ń gbọ̀n ní ìlú tí n ò dé rí,
a ó ṣí i lẹ́nu díẹ̀.

Kò lóòórùn, ẹ gbọ́ o.
Kò láwọ̀, kò lóhùn.
Ènìyàn ló fi òórùn ẹyin jíjẹrà sí i lára
kí a lè mọ̀ ọ́n lọ́jọ́ tó bá fẹ́ sá.
Mo máa ń rò ó lóru:
ohun tí kò lábùkù,
a bù ú lábùkù ká tó lè bá a gbélé.

Ṣùgbọ́n iyọ̀ kì í ṣe òkúta. Ó ń rìn.
Díẹ̀díẹ̀ ló ń fẹ́ pa ojú ọgbẹ́ rẹ̀ dé,
ilẹ̀ òkè sì ń tẹ̀ lé e lọ sísàlẹ̀.
Ilẹ̀kùn ilé ìdáná wa ò padé mọ́.
Lọ́dọọdún ni bàbá mi ń fá etí rẹ̀.
Tjark wá láti iléeṣẹ́ pẹ̀lú ẹ̀rọ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta,
ó wo inú rẹ̀, ó kọ nǹkan, ó ní,
“Ìka mẹ́ta péré lẹ fi rì lọ́dún yìí.”
Bàbá mi ní, “Ìka ta ni?”

Lálẹ́ àná, ó da tíì sórí ṣúgà olókùúta.
Ṣúgà ké, pà, nínú ife.
Ó dẹ etí sí i.
“Fenna, bó ṣe dún nísàlẹ̀ nìyẹn.”
Mo ní, “Ẹ ò gbọ́ ọ rí, bàbá.”
Kò dá mi lóhùn.
Ó rọ ọ̀rá wàrà sí etí ife, kò rò ó,
a kì í rò ó níbí,
ó wò ó bó ti ń rì, tó tún ń rú bọ̀ bí ìkùukùu.

Mo wọ bàtà òjò, mo lọ síṣẹ́ òru.
Àwọn màlúù dùbúlẹ̀ sórí iná ìlú mẹ́rin,
wọ́n ń jẹ àpọ̀jẹ.